Mo Dá Ohùn Tatsumi Dúró

Ẹ̀yin òṣèré, ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ ṣé tí ẹ tẹ́ tìmùtìmù méjì lé ara wọn fún egungun àgbà. Ẹ ní kí n wá sọ̀rọ̀ nípa Tatsumi nítorí ìrántí ọdún kẹtàlélọ́gbọ̀n ikú rẹ̀, torí pé èmi Isaburo ni ọ̀rẹ́ rẹ̀ tó ṣẹ́ kù láyé. Ọ̀rọ̀ tí ẹ ń retí kọ́ ni mo gbé wá. Dókítà ti sọ fún mi pé ẹ̀dọ̀fóró mi kò ní bá wọn rí ìkórè ìrẹsì ọdún yìí, èmi náà sì mọ̀ bẹ́ẹ̀, torí bí mo bá gun àtẹ̀gùn mẹ́rin, orí ẹ̀karùn-ún ni màá ti jókòó. Ó ti pé ogójì ọdún tí mo ti gbé nǹkan kan mì tí kò dà nínú mi. Òní ni màá pọ̀ ọ́ síta. Ẹ má ṣe sọ pé, "Bàbá, ó ti tó," kí ẹ má sì bu omi fún mi láàárín ọ̀rọ̀. Mo mọ ara mi. Òpùrọ́ ni mí, bí mo bá ráyè sinmi pẹ́nrẹ́n, mo lè tún ọ̀rọ̀ náà ṣe kó dùn gbọ́.

Inú ẹgbẹ́ eré Ọ̀gá Yoshimatsu ni èmi àti Tatsumi ti pàdé ní Osaka níbí, nígbà tí ọkùnrin ṣì ń ṣe ipa obìnrin lórí ìtàgé wa. Ọmọ apẹja láti erékùṣù Awaji ni Tatsumi. Oríkèé ọwọ́ rẹ̀ tóbi bíi ti gbogbo ẹni tó fi àwọ̀n dàgbà, àmọ́ bó bá ti lo àtíkè tán, tó wọ kimónò, tó fa ọwọ́ sínú apá aṣọ, ìyá ọlọ́mọ ni ẹ máa rí níwájú yín. Kì í pariwo. Ẹ̀bùn rẹ̀ nìyẹn. Nígbà tí àwa yòókù bá ń fi ọ̀fun wa gbọn òrùlé, ṣe ni òun máa rẹ ohùn sílẹ̀, àwọn èrò tó ń jẹun ní ìsàlẹ̀ á sì gbé igi ìjẹun wọn sílẹ̀ jẹ́jẹ́ kí wọ́n má bàa pàdánù ọ̀rọ̀ kan. Ọdún mọ́kànlá gbáko ni mo fi jẹ́ ọkọ rẹ̀ lórí ìtàgé. Mo fi ọdún méjì jù ú lọ, nítorí náà "Ẹ̀gbọ́n" ló ń pè mí. Lọ́jọ́ tó fẹ́ Masue, ìyàwó rẹ̀ tòótọ́, ó bá mi nínú yàrá ìmúra, ó dọ̀bálẹ̀, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má lù mí o, mo ti ní ilé ọkọ mìíràn." A rẹ́rìn-ín títí àtíkè ojú wa fi sán. Mo fẹ́ràn rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n sọ ìyẹn báyìí, torí bí ẹ bá gbọ́ ìyókù, ẹ ò ní gbà á gbọ́. Àmọ́ bí eré bá parí tí a jọ tẹrí ba fún àwọn èrò, orúkọ tirẹ̀ ni wọ́n máa ń kígbe. Màá wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, màá máa rẹ́rìn-ín músẹ́, ọkàn mi á sì máa ka iye ìgbà tí wọ́n pè é.

Ọdún 1914 ni ẹ̀rọ náà dé. Àwa ti mọ sinimá, a sì mọ giramofóònù, àmọ́ ọkùnrin kan láti Tokyo tó ń jẹ́ Wakui ní òun lè so méjèèjì pọ̀, kí àwòrán máa sọ̀rọ̀ fúnra rẹ̀. Báyìí ló ṣe ń ṣe é. Òṣèré á kọ́kọ́ dúró níwájú ìwo ńlá kan, á sọ ọ̀rọ̀ eré sínú rẹ̀, ohùn á sì wọ inú ìda tó ń gba ohùn sílẹ̀ bí àwo giramofóònù. Lẹ́yìn náà, wọ́n á máa lu ìda yẹn, òṣèré á máa la ẹnu tẹ̀ lé ohùn ara rẹ̀, wọ́n á sì máa ya àwòrán rẹ̀. Bí wọ́n bá wá fẹ́ fi han èrò, ẹ̀rọ àwòrán á wà lẹ́yìn gbọ̀ngàn, ẹ̀rọ ohùn á wà lẹ́yìn aṣọ funfun níwájú, okùn gígùn kan á sì gba òkè àjà so wọ́n pọ̀ kí wọ́n lè jọ rìn. Ọ̀gá Yoshimatsu fẹ́ ẹ lọ́gán. Ó ní eré tí a fi ń pa èrò lẹ́kún jù ni ká fi bẹ̀rẹ̀, ìyẹn ibi tí ìyàwó ti ń gbé ọmọ rẹ̀ fún ẹlòmíràn ní èbúté, tí ọkọ rẹ̀ ń jágbe mọ́ ọn pé kó yára. Ìyàwó ni Tatsumi, ọkọ ni èmi, ta ni ì bá tún jẹ́?

A dán ohùn wò. Nígbà tí Wakui lu ìda mi fún wa gbọ́, ohùn tó jáde dà bí ohùn ẹni tó ń húkọ́ nínú àgbá. Ó tún un ṣe lẹ́ẹ̀mẹta. Ó tẹrí ba fún mi, ó ní, "Ẹ má bínú, ọ̀gá. Ohùn yín dára, ìda ni kò gbà á." Lẹ́yìn náà ló lu ti Tatsumi. Ẹ̀yin ọmọ mi, ó mọ́ bí omi inú kànga. Ọ̀gá Yoshimatsu nu ojú rẹ̀, ó wá yíjú sí mi, ó ní, "Isaburo, ẹ̀rọ kọ̀ ẹ́." Bí wọ́n ṣe fi Chobei sí ipò mi nìyẹn, Chobei tó jẹ́ pé ipa ìránṣẹ́ tó ń gbé tíì wọlé ni kò tíì ṣe kọjá rí. Bàbá tó ń ṣètò irun àtọwọ́dá wa ní, "Háà, Isaburo, ìyàwó ti kọ̀ ẹ́, ó ti bá ìránṣẹ́ ilé lọ!" Gbogbo wọn bú sẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín mi ló tiẹ̀ pẹ́ jù. Tatsumi nìkan ni kò rẹ́rìn-ín. Ó lọ bá Ọ̀gá, ó ní, "Bí Ẹ̀gbọ́n Isa ò bá sí níbẹ̀, ọkàn mi ò ní balẹ̀. Ẹ jẹ́ kí wọ́n fi Ẹ̀gbọ́n sídìí ẹ̀rọ ohùn, lẹ́yìn aṣọ." Ó wá bá mi, ó fi ọwọ́ apẹja rẹ̀ méjèèjì di ọwọ́ mi mú, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ bá mi tọ́jú ohùn mi." Ó rò pé ó ṣe mí lóore ni. Oore náà sì ni lóòótọ́, àmọ́ lójú mi, ó dà bí ìgbà tí èèyàn ju eegun sí ajá.

Wakui kọ́ mi ní iṣẹ́ náà ní ìrọ̀lẹ́ kan. Iṣẹ́ tí kò le ni. Bí aago kékeré kan bá ti dún, kí n tú búréèkì ẹ̀rọ ohùn lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Bí mo bá tú u lásìkò, okùn á mú ẹ̀rọ méjèèjì rìn pọ̀ títí dópin. Wakui na ìka sí mi, ó ní, "Bí ẹ bá pẹ́, bó ṣe pẹ́ yẹn náà ló máa rí títí eré á fi tán. Kò sí bí a ṣe lè bá a mọ́." Mo ní mo ti gbọ́. Mo gbọ́ dáadáa, ju bó ṣe rò lọ.

Ọ̀sán ọjọ́ Àìkú ni a kọ́kọ́ fi han èrò ní ilé eré Matsukaze. Èèyàn kún dé ẹnu ọ̀nà. Masue wá pẹ̀lú Orie, ọmọbìnrin wọn tó jẹ́ ọmọ oṣù mẹ́rin, lẹ́yìn rẹ̀. Ìyá Tatsumi wọ ọkọ̀ ojú omi láti Awaji, ìyá tó jẹ́ pé láti ìgbà tí ọmọ rẹ̀ ti ń wọ aṣọ obìnrin, kò wá wò ó rí nítorí ìtìjú. Tatsumi mú un jókòó síwájú, òun náà sì dúró lẹ́bàá ògiri kó lè máa wo ojú ìyá rẹ̀. Mo rí gbogbo wọn láti ihò kan nínú pákó. Kí ẹ má bàa sọ pé mi ò mọ ẹni tí mo ń ṣe é sí, mo rí wọn. Iná kú. Aago dún. Ọwọ́ mi wà lórí búréèkì. Mi ò ṣèpinnu nílé pé màá ṣe é, mo búra fún yín, àmọ́ kí ni ìyẹn já mọ́? Ọwọ́ mi kò gbéra. Mo ka ení, èjì, ẹ̀ta, ẹ̀rin. Nígbà náà ni mo tú u.

Lórí aṣọ, Tatsumi gbé ọmọ sókè, ó la ẹnu, kò sí ohùn kankan. Ó pa ẹnu dé tán kí ohùn tó bẹ̀rẹ̀. Láti ibẹ̀ ló ti bàjẹ́. Nígbà tí ìyá yẹn tẹ ẹnu mọ́ etí ọmọ rẹ̀, ohùn Chobei ló jáde lẹ́nu rẹ̀, "Dákẹ́ ẹkún, ọkọ̀ ti fẹ́ lọ!" Nígbà tí ọlọ́kọ̀ ń yán ní tirẹ̀, ẹkún ìyá ọlọ́mọ ló tú jáde lẹ́nu rẹ̀. Ẹnì kan rẹ́rìn-ín lẹ́yìn. Lẹ́yìn náà, gbogbo ilé bú sẹ́rìn-ín. Ọkùnrin kan kígbe pé, "Màmá, ohùn yín ti sọnù sọ́nà o!" Òmíràn dá a lóhùn, "Ẹ fún un láyè, ẹsẹ̀ ló fi ń rìn bọ̀!" Mo fi ojú sí ihò pákó yẹn. Ìyá Tatsumi kò rẹ́rìn-ín. Ó fi apá aṣọ bo ojú. Ó tẹrí ba fún àwọn tó jókòó yí i ká, ó ń tọrọ àforíjì lọ́wọ́ wọn nítorí ọmọ rẹ̀. Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà ló wọkọ̀ padà.

Ẹ lè rò pé ojú tì mí, pé mo ṣe é dáadáa lọ́jọ́ kejì. Mo tún un ṣe lọ́jọ́ kejì. Mo tún un ṣe lọ́jọ́ kẹta. Ó ti di ohun tí ọwọ́ mi mọ̀ ọ́n ṣe. Wakui tú ẹ̀rọ palẹ̀, ó wo okùn láti òpin dé òpin, ó bi mí léèrè, "Ọ̀gá, ṣé lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀ tí aago dún ni ẹ ń tú u?" Mo ní, "Lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀ ni." Ó tẹrí ba fún mi, kò tún bi mí mọ́, torí pé ẹni tó dàgbà ju òun lọ ni mo jẹ́. Lọ́jọ́ kẹrin, wọ́n fagi lé eré náà, Wakui kó ẹ̀rọ rẹ̀, ó sì lọ. Ìda Tatsumi nìkan ló fi sílẹ̀ fún un.

Bó bá parí síbẹ̀, ìwà ìkà ni, àmọ́ èèyàn ṣì lè gbàgbé ẹ̀rín ọjọ́ mẹ́ta. Kò parí síbẹ̀. Ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, Tatsumi wọ yàrá ìmúra nígbà tí mo ń nu àtíkè. Ó kúnlẹ̀ sẹ́yìn mi, inú dígí ni a ti ń wo ara wa. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ̀yin lẹ wà lẹ́yìn aṣọ. Ẹ má ṣàánú mi, ẹ sọ òótọ́ fún mi. Ṣé ẹ̀rọ ni, àbí èmi ni? Nígbà tí wọ́n ń ya àwòrán yẹn, mo rò pé mo ń bá ohùn mi rìn. Ṣé mi ò bá a rìn ni?" Ẹ̀yin ọmọ mi, ọ̀rọ̀ kan péré ló ń tọrọ. Mo lè sọ pé ẹ̀rọ ni. Ì bá jẹ́ irọ́, àmọ́ ì bá gbà á là, kò sì ní pa mí lára. Mo wo ojú rẹ̀ nínú dígí, mo ní, "Ìwọ ni, Tatsumi. Ẹnu rẹ ló ń sáré ju ohùn lọ." Mo wá fi èyí tó burú jù lé e. Mo ní, "Kì í ṣe òní ló bẹ̀rẹ̀. Bó o ṣe ń ṣe lórí ìtàgé náà nìyẹn. Ó ti di ọdún mọ́kànlá tí mo ti ń bò ọ́ láṣìírí, tí mò ń fi ọ̀rọ̀ tèmi dí ibi tó ò ń jìn sí. Mi ò fẹ́ kó o mọ̀." Ṣé ẹ mọ ohun tó ṣe? Ó sún sẹ́yìn, ó fi iwájú orí kan ilẹ̀. Ó ní, "Ọdún mọ́kànlá. Ẹ̀gbọ́n, ẹ ṣé. Ẹ má bínú sí mi." Ó dúpẹ́ lọ́wọ́ mi! Mo sì jẹ́ kó dúpẹ́, mo sọ pé kó dìde, pé kò tó nǹkan.

Láti ọjọ́ náà ni ó ti bẹ̀rẹ̀ sí í wọn ohùn rẹ̀ kó tó sọ̀rọ̀. Lórí ìtàgé, bó bá kan òun, màá rí i tó ń kà á nínú, àwọn èrò náà á sì rí i. Osaka kì í gbàgbé yẹ̀yẹ́. "Ẹ ní sùúrù, ohùn ń bọ̀!" ni wọ́n máa ń ké láti ìsàlẹ̀. Ọ̀sán ọjọ́ kan nínú oṣù kẹwàá, ó la ẹnu, kò sì sí ohun tó jáde rárá. Ó dúró bẹ́ẹ̀. Mo gba ọ̀rọ̀ náà lẹ́nu rẹ̀, mo yí i dà sí ọ̀rọ̀ ọkọ, eré ń lọ, èrò pàtẹ́wọ́, wọ́n kígbe orúkọ mi. Ó dùn mọ́ mi. Mo gbọ́dọ̀ sọ ìyẹn náà. Níbẹ̀ lójú ẹsẹ̀, tí ọ̀rẹ́ mi ṣì la ẹnu sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, ó dùn mọ́ mi. Kó tó di ọdún tuntun, Tatsumi ti kó Masue àti ọmọ padà sí Awaji, ó lọ ń tún àwọ̀n ṣe.

Ẹ̀ẹ̀kan péré ni mo lọ kí i. Ọwọ́ ló fi ń bá àwọn apẹja sọ̀rọ̀. Masue ní bó ṣe ń ṣe nílé náà nìyẹn, pé ó lè pé ọjọ́ mẹ́ta kó tó sọ gbólóhùn kan. Tatsumi dín ẹja fún mi, ó yọ eegun rẹ̀ fúnra rẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà wà ní ẹ̀yìn eyín mi. Mo jẹ ẹja náà tán, mo yìn ín pé ó dùn, mo sì wọ ọkọ̀ ìrọ̀lẹ́. Ní ọdún 1922, ibà gbé e lọ. Ẹni ọdún mẹ́rìndínlógójì ni.

Orie, ọmọ Tatsumi, wá bá mi ní Osaka, kì í ṣe pé mo pè é. Ó pé ogún ọdún nígbà tó kan ilẹ̀kùn mi, ó ní Masue ti kú, àti pé ìyá òun sọ pé kò sí ọ̀rẹ́ tí bàbá òun ní bí èmi. Ó ní, "Bàbá, kí ló dé tí bàbá mi fi eré sílẹ̀?" Mo ní òkun ló ń pè é. Irọ́ yẹn ló fi ogún ọdún se oúnjẹ fún mi lé lórí. Òun ló ń fọ aṣọ mi. Nígbà tí àìsàn yìí dé, òun ló ń pọ́n mi lọ sílé ìwẹ̀. Ní oṣù tó kọjá, ó bá ìda Tatsumi nísàlẹ̀ àpótí ìyá rẹ̀, ó gbé e lọ bá ọkùnrin kan tó ní irú ẹ̀rọ àtijọ́ yẹn, ó sì gbọ́ ọ. Ó wọlé tọ̀ mí wá, ojú rẹ̀ wú, ó ní, "Bàbá, ṣé bí ohùn rẹ̀ ṣe rí nìyẹn? Kì í bá mi sọ̀rọ̀ rárá, ẹ mọ̀. Nígbà tí mo wà lọ́mọdé, mo rò pé kò fẹ́ràn mi ni." Ẹ̀yin èèyàn mi, mo ti mọ̀ pé mo ba iṣẹ́ ọkùnrin kan jẹ́. Mi ò mọ̀ pé mo ti gba ohùn bàbá lọ́wọ́ ọmọdé. Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un bí mo ṣe sọ ọ́ fún yín yìí.

Ó ń ká aṣọ mi lọ́wọ́ nígbà tí mo ń sọ ọ́. Ó ká a tán, ó tú u, ó tún un ká. Ó ní, "Ṣé ó mọ̀ kó tó kú?" Mo ní kò mọ̀. Ó ní, "Ó gbà pé òun ló jẹ̀bi." Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Mo fi orí kanlẹ̀ níwájú rẹ̀. Ó ní, "Ẹ dìde, Bàbá, kí ikọ́ má bàa mú yín. Mi ò lè dárí jì yín lórúkọ ẹni tí kò sí níbí. Lórúkọ tèmi, mi ò tíì mọ̀. Àmọ́ gbangba ni wọ́n ti fi bàbá mi rẹ́rìn-ín, ẹ lọ sọ ọ́ ní gbangba." Ó lọ. Lọ́jọ́ kejì, ó gbé ògì ìrẹsì wá, ó gbé e sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà, kò wọlé. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe ń ṣe láti ìgbà náà. Òun ló jókòó lẹ́yìn yẹn, lẹ́bàá òpó. Ẹ má ṣe bojú wẹ̀yìn wò ó, ẹ jọ̀ọ́. Mi ò bẹ̀ ẹ́ pé kó dá mi lóhùn lónìí.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ̀rọ ti pọ̀ sí i lásìkò tiyín. Wọ́n ń gba ohùn yín sílẹ̀, wọ́n ń gé e, wọ́n ń lẹ̀ ẹ́, ẹ ò sì mọ ẹni tó wà nídìí rẹ̀. Ìyẹn kọ́ ni mo wá kìlọ̀ fún yín. Bí ẹnì kan tó ń bá yín ṣiṣẹ́ bá wá bá yín, tó ní, "Ṣé èmi ni?" ẹ ronú dáadáa kí ẹ tó dáhùn. Kò sí ìlara tó kéré. Ẹ̀rín tí mo fi bá wọn rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ tí ẹ̀rọ kọ̀ mí, ká ní mo ti sunkún ni, bóyá Tatsumi ì bá wà láàyè, ì bá sì jókòó síbi tí mo wà yìí. Ẹ bá mi bẹ ọmọ rẹ̀. Bí kò bá gbà, ẹ má ṣe dá a lẹ́bi.

Ohun kan ló kù. Agbẹ́kùúta tí ẹ bẹ̀ níṣẹ́ fún òkúta ìrántí tó máa dúró ní Awaji wá sọ́dọ̀ mi lánàá, ó fẹ́ mọ bí wọ́n ṣe ń kọ orúkọ mi, torí pé ẹ fi mí ṣe ẹni àkọ́kọ́ nínú àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀. Mo ní kó yọ mí kúrò. Ó ní, "Bàbá, mo ti wọn òkúta, mo ti gbẹ́ ti àwọn yòókù. Bí mo bá yọ yín, àyè á ṣófo lókè pátápátá." Mo ní kó fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin ọmọ mi, bí mo bá kú tán tí àánú mi sì ṣe yín, ẹ má ṣe jẹ́ kí ẹnikẹ́ni kọ nǹkan kan síbẹ̀.